Agolo Tí Kò Lórúkọ

Ẹ jẹ́ ká mú àwòrán kan, irú èyí tí ẹni tó ń wá fọ́nrán àtijọ́ fún àwọn tó ń ṣe fíìmù ìtàn gidi máa ń bá pàdé. Kò ju ìṣẹ́jú-àáyá méjìlá lọ. Dúdú àti funfun ni, kò ní ohùn. Lọ́rì kan yọ lókèèrè lójú títì tí kò fẹ̀, ó kọjá níwájú àtẹ ọsàn àti ọ̀pẹ̀yìnbó, àwọn obìnrin tó wà nídìí àtẹ nawọ́ sí awakọ̀, àwòrán já. Nínú ìwé tí wọ́n fi ránṣẹ́ pẹ̀lú rẹ̀, ohun tó wà níbẹ̀ kò ju pé ọjà àwọn ọmọ ìbílẹ̀ ni, ní Nàìjíríà. Kò sí ọdún, kò sí ìlú.

Èmi tàbí ìwọ lè wò ó tán ká ní ó dára, ká máa bá tiwa lọ. Ẹni tó mọ iṣẹ́ yìí kò ní kúrò níbẹ̀. Yóò dá a padà, kò ní wo àwọn obìnrin yẹn rárá, táyà lọ́rì ni yóò máa wò. Apá òsì ni lọ́rì ń gbà. Ọjọ́ kejì oṣù Kẹrin ọdún 1972 ni gbogbo ọkọ̀ ní Nàìjíríà kúrò ní apá òsì bọ́ sí apá ọ̀tún, nítorí náà wọ́n ti ya àwòrán yìí ṣáájú ọjọ́ náà. Ó fẹ́ kọ ọ́ sílẹ̀, ó tún dáwọ́ dúró. Fíìmù lójú méjì. Bí ẹni tó gbé e sẹ́rọ bá fi ẹ̀yìn rẹ̀ ṣe iwájú, ọ̀tún á di òsì, ọkọ̀ ọdún 1974 á sì máa rìn bíi ti ayé òyìnbó. Ó wá ohun kíkà: ọ̀rọ̀ tí wọ́n máa ń kùn sí pátákó iwájú bọ́lẹ̀kájà. Bí lẹ́tà bá dojú rú, fíìmù ló dojú rú. Bí kò bá sí lẹ́tà, á wá onílù. Èjìká òsì ni onígángan ń fi ìlù kọ́, ọwọ́ ọ̀tún ló fi ń di kọ̀ǹgọ́ mú. Ẹnì kan lè jẹ́ ọlọ́wọ́ òsì lóòótọ́. Ṣùgbọ́n bí gbogbo ẹgbẹ́ onílù bá ń fi òsì lù ú, a jẹ́ pé ẹni tó gbé fíìmù sẹ́rọ ló ṣì í gbé.

Báyìí ni wọ́n ń yọ ọjọ́ orí lára àwòrán. Ilé epo tó bá ní BP lára pátákó rẹ̀ yẹ kó ti wà ṣáájú 1979, ọdún tí ìjọba gba ilé-iṣẹ́ náà tó wá di African Petroleum, àyàfi bí ẹni tó ni ilé epo bá lọ́ra láti tún pátákó kùn, èyí tí kò ṣọ̀wọ́n. Bí owó bá hàn lọ́wọ́ oníbàárà, wọ́n á sún mọ́ ọn wò bóyá sílè ni tàbí náírà, torí ọjọ́ kìíní ọdún 1973 ni náírà dé. Bí kámẹ́rà bá gun orí òkè kan n'Íbàdàn tí a kò rí Ilé Cocoa láàárín ìlú, ó di ṣáájú 1965 nìyẹn. Etí fíìmù fúnra rẹ̀ náà lọ́rọ̀ sọ. Ilé-iṣẹ́ Kodak máa ń tẹ àmì kéékèèké síbẹ̀, onígun mẹ́rin, róbótó, onígun mẹ́ta, tó ń fi ọdún tí wọ́n ṣe fíìmù náà hàn. Ìjàǹbá tó wà níbẹ̀ ni pé àmì yẹn máa ń padà wá lẹ́yìn ogún ọdún: ohun tó dúró fún 1937 náà ló dúró fún 1957, òun náà ló dúró fún 1977. Ẹni tó bá gba àmì gbọ́ láìwo aṣọ ọrùn àwọn ènìyàn yóò fi ogún ọdún gbáko ṣìnà.

Ìlú ńkọ́? Ibẹ̀ ni ìwé kò ti lè dá ẹnikẹ́ni lóhùn mọ́. Ọsàn àti ọ̀pẹ̀yìnbó lójú ọ̀nà, Fìdítì ló máa kọ́kọ́ sọ sí ẹni tó bá ti gba ọ̀nà Ìbàdàn sí Ọ̀yọ́ rí lọ́kàn. Ṣùgbọ́n èso kì í ṣe ẹ̀rí, ibi púpọ̀ ni wọ́n ti ń tà á. Ẹni tó mọ iṣẹ́ á gbé àwòrán náà lọ bá àwọn àgbà ní Fìdítì àti Ìlọra. Kò ní bi wọ́n pé, "Ṣé Fìdítì nìyí, mà?" torí àgbàlagbà tó láàánú á ní bẹ́ẹ̀ ni, kó má bàa já ọmọ ọlọ́mọ kulẹ̀. Ohun tí á sọ ni pé, "Mà, kí lẹ rí níbẹ̀?" Á wá dákẹ́. Bí màmá bá ní, "Ẹ dá a dúró, ẹ padà sẹ́yìn díẹ̀," iṣẹ́ ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Ó lè jẹ́ ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì kan ló rí, ó lè jẹ́ igi tí wọ́n ti gé láti ọjọ́ pípẹ́, ó sì lè jẹ́ bí obìnrin kan ṣe dúró tó jọ ti ìyá ẹnì kan. Ẹlẹ́rìí méjì tí wọn kò jọ jókòó pọ̀ ni wọ́n ń fẹ́. Bí ó bá jẹ́ ẹyọ kan, ohun tí á kọ sílẹ̀ ni: "Ó ṣeé ṣe kó jẹ́ Fìdítì. Ṣáájú oṣù Kẹrin 1972, bí fíìmù kò bá dojú rú. Ẹnì kan ló sọ ọ́, a ṣì ń wá ẹnìkejì." Mo ti rí àwọn oníṣẹ́ tí kíkọ irú nǹkan bẹ́ẹ̀ ń tì lójú, wọ́n á kúkú kọ Fìdítì, wọ́n á kọ 1968, wọ́n á lọ. Lẹ́yìn ọdún mẹ́wàá, irọ́ yẹn á ti wọ fíìmù mẹ́ta.

Wíwá àwòrán náà ní ọgbọ́n tirẹ̀. Ẹ tẹ Ìlọra sínú ẹ̀rọ àwọn ilé tí wọ́n ń kó fíìmù pamọ́ sí lókè òkun, kò ní ṣòro kí Ìlọrin jáde sí yín, ẹ̀rọ á rò pé ẹ ṣì í tẹ̀ ni. Nítorí náà, akíkanjú oníṣẹ́ kì í fi orúkọ ìlú bẹ̀rẹ̀. Á kọ́kọ́ rò ó bí ẹni tó kọ àkọlé náà ṣe rò ó: akọ̀wé kan ní London tí kò dé ilẹ̀ wa rí, tó ń da ìwé pélébé tí ayàwòrán fi ránṣẹ́ kọ. Akọ̀wé yẹn kò mọ Ìlọra. Ó mọ kòkó, ó mọ ìjòyè, ó mọ míṣọ́ọ̀nù, ó mọ Western Region, ó sì ń fi h sí àárín Òṣogbo àti Ògbómọ̀ṣọ́. Ẹ wo oko ìjọba tó wà ní Ìlọra, ọ̀kan nínú àwọn tí ìjọba Western Region dá sílẹ̀ ní nǹkan bí ọdún 1960 láti fi kọ́ àwọn ọ̀dọ́ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde ilé-ìwé ní iṣẹ́ àgbẹ̀ ìgbàlódé, tí wọ́n wo àpẹẹrẹ rẹ̀ láti ilẹ̀ Israel. Irú nǹkan bẹ́ẹ̀ gan-an ni àwọn ayàwòrán ìjọba ń fẹ́: katakátá, adìyẹ funfun, ọ̀dọ́kùnrin nínú ṣòkòtò péńpé. Bí àwòrán rẹ̀ bá wà níbì kan, abẹ́ katakátá ló máa wà, tàbí abẹ́ orúkọ mínísítà tó wá ṣe ìbẹ̀wò lọ́jọ́ náà. Orúkọ ìlú tó gba àlejò kì í sí níbẹ̀.

Àwọn ìjọba amúnisìn fi ọwọ́ gidi mú fíìmù. Kí wọ́n tó dá Colonial Film Unit sílẹ̀ ní 1939, ọkùnrin tó wá jẹ́ olórí rẹ̀, William Sellers, ti ń fi fíìmù kọ́ àwọn ènìyàn nípa ìmọ́tótó àti àrùn ní Nàìjíríà níbí. Ọ̀pọ̀ ohun tí ẹ̀ka yẹn yà ló wà ní ilé ìkófíìmù BFI àti ní Imperial War Museum ní Britain títí di òní. Ní 2014, British Pathé kó fíìmù 85,000 sórí YouTube, tó fi jẹ́ pé ẹni tó bá ní dátà lè jókòó sí Awẹ́ kó máa wo bàbá ẹlòmíràn. Ọ̀pọ̀ nínú irú àwòrán bẹ́ẹ̀ ni kò ní ohùn, tàbí kó jẹ́ pé ohùn tí wọ́n fi sí i lẹ́yìn kì í ṣe tirẹ̀. Ibí yìí ni etí ti ń ṣe iṣẹ́ ojú. Mo ti rí fíìmù tí wọ́n ti fi bàtá sí abẹ́ ẹsẹ̀ àwọn tó ń jó dùndún. Ẹni tó ṣe é kò mọ̀ pé òun ṣẹ̀, àmọ́ gbogbo Ọ̀yọ́ á mọ̀.

Mo ń tẹnu mọ́ ọ̀rọ̀ àkọlé nítorí ohun méjì tó ṣẹlẹ̀ ní Jos. Ní àwọn ọdún 1960 àti 1970, BBC máa ń nu téèpù ètò rẹ̀ kí wọ́n lè tún un lò, torí téèpù wọ́n. Bẹ́ẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ìpín eré Doctor Who ṣe pòórá. Àmọ́ wọ́n ti ṣe ẹ̀dà rẹ̀ sórí fíìmù, wọ́n sì ti fi ránṣẹ́ sí àwọn ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n káàkiri ayé. Ní oṣù Kẹwàá 2013 ni wọ́n kéde pé òyìnbó kan tó ń jẹ́ Philip Morris ti rí ìpín mọ́kànlá nínú yàrá ẹrù ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n kan ní Jos, mẹ́sàn-án nínú wọn sì jẹ́ èyí tí ẹnikẹ́ni kò ní mọ́. Ohun tó fi mọ̀ ni téèpù onípépà kan tí ẹnì kan ti fi ọwọ́ kọ orúkọ eré náà sí, tó lẹ̀ mọ́ ara agolo. Ó nu eruku, orúkọ yọ. A kò mọ òṣìṣẹ́ tó kọ ọ́. Lójú tèmi, òun náà ló yẹ kí wọ́n fún ní oríyìn.

Èkejì sún mọ́ wa jù bẹ́ẹ̀ lọ. Shaihu Umar, fíìmù tí Adamu Halilu ṣe ní 1976 láti inú ìwé ìtàn Abubakar Tafawa Balewa, ni gbogbo ènìyàn ti gbà fún ọdún pípẹ́ pé ó ti sọnù. Ní 2016 wọ́n rí agolo rẹ̀. Níbo? Ní Jos, nínú ilé ìkófíìmù ti ìjọba àpapọ̀ fúnra rẹ̀, tó wà lábẹ́ Nigerian Film Corporation. Fíìmù náà kò sá lọ síbì kankan. Ibi tó yẹ kó wà ló wà, ẹni tó máa ṣí agolo kó kà á ni kò wá. Àwọn ará Jos àti ilé-iṣẹ́ Arsenal ti Berlin jọ tún un ṣe, wọ́n sì fi hàn níbi àjọ̀dún fíìmù Berlin ní oṣù Kejì 2018. Lẹ́yìn ìyẹn ni Yunifásítì Jos bẹ̀rẹ̀ sí fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ní oyè kejì nínú ìmọ̀ ìpamọ́ fíìmù, pẹ̀lú ìrànwọ́ Yunifásítì Goethe ti Frankfurt. Ọ̀pọ̀ ohun tí wọ́n ní ó sọnù, àìlórúkọ ló ń ṣe é.

Kí á tó ka orúkọ, imú ló ń ṣáájú. Nígbà tí Didi Cheeka ti ẹgbẹ́ Lagos Film Society wọ ilé àtijọ́ Colonial Film Unit ní Ìkòyí, agolo tó ti dípẹtà ló bá níbẹ̀. Ẹni tó bá ti wọ irú yàrá bẹ́ẹ̀ mọ òórùn rẹ̀, fínígà ni. Acetate ni wọ́n fi ṣe ọ̀pọ̀ fíìmù ìgbà yẹn. Ooru àti ọ̀rinrin á mú kó bẹ̀rẹ̀ sí í tú oje kíkan sílẹ̀, oje náà á tún yí padà á máa jẹ ẹ́, agolo tí wọ́n dé pinpin á sé e mọ́nú. Àwọn oníṣẹ́ máa ń fi bébà pélébé kan tó ní àwọ̀ búlúù sínú agolo kọ̀ọ̀kan. Bí bébà yẹn bá di àwọ̀ ewé, àìsàn ti wọlé. Bó bá di yẹ́lò, wọ́n á gbé agolo yẹn kúrò láàárín àwọn yòókù kíákíá, torí ó ń ràn. Yàrá tútù nìkan ló lè fà á sẹ́yìn, kò sì sí ohun tó lè wò ó sàn. Ẹ wá fojú inú wo yàrá tútù tó gbára lé iná NEPA.

Ibi tí iṣẹ́ yìí ti wù mí jù nìyí. Ẹni tó ń yẹ fíìmù wò á wọ ìbọ̀wọ́ òwú, á gbé fíìmù kọ́ sórí irin méjì, á máa fi ọwọ́ ká a láti òsì sí ọ̀tún. Kò sí ẹ̀rọ kankan tó ń fà á. Ojú rẹ̀ kò sí lórí àwòrán. Ó di etí fíìmù mú láàárín àtàǹpàkò àti ìka, fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́, ìka yẹn ló ń sọ fún un pé ihò ẹ̀gbẹ́ ti ya níbí, pé ẹnì kan ti lẹ ibí yìí pọ̀ rí, àti pé lẹ́ẹ̀ náà ti gbẹ. Bó bá kan ibi tó ya, á dúró kí ó tó dé ibẹ̀. Mi ò mọ bí ìka ṣe ń ṣáájú báyẹn. Fíìmù tó ti súnkì, ihò etí rẹ̀ kò ní bá eyín ẹ̀rọ mu mọ́, bí wọ́n bá fi tipá gbé e sínú ẹ̀rọ àtijọ́ á fà á ya láti òkè délẹ̀. Ẹ̀rọ tuntun tí kò ní eyín ni wọ́n ń lò fún un, tó ń ya fọ́tò rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, mẹ́rìnlélógún fún ìṣẹ́jú-àáyá kan. Ẹ wá ṣe ìṣirò fíìmù wákàtí kan.

Téèpù ní ìyọnu tirẹ̀. Ọjọ́ 31 oṣù Kẹwàá 1959 ni WNTV bẹ̀rẹ̀ n'Íbàdàn, ilé-iṣẹ́ tó ń pe ara rẹ̀ ní àkọ́kọ́ ní Áfíríkà. Adébáyọ̀ Fálétí, ọmọ agbègbè Ọ̀yọ́ tí gbogbo wa mọ̀ sí akéwì àti òǹkọ̀wé, wà lára àwọn tó kọ́kọ́ ń gé fíìmù tó sì ń tọ́jú rẹ̀ níbẹ̀. Ibẹ̀ náà ni Túndé Kèlání ti kọ́ iṣẹ́ kámẹ́rà ní 1970. Pẹ̀lú gbogbo èyí, ìwọ̀nba ni ohun tó kù láti ìgbà náà. Ọ̀pọ̀ ètò ló ń lọ sórí afẹ́fẹ́ bí wọ́n ṣe ń ṣe é lọ́wọ́, kò sí ẹ̀dà. Èyí tí wọ́n bá sì gbà sórí téèpù lè di ohun tí wọ́n máa gba ìròyìn ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ sórí rẹ̀. Fíìmù tó ti gbẹ, èèyàn ṣì lè gbé e sójú iná kó rí ojú ènìyàn nínú rẹ̀. Téèpù tí kò ní ẹ̀rọ tó lè kà á, ike dúdú lásán ni. Ẹ̀rọ U-matic tó ṣì ń ṣiṣẹ́ kò pọ̀ mọ́ láyé, orí rẹ̀ ń jẹ, àwọn tó lè tún un ṣe ti ń darúgbó. Fún fíìmù àwọn òṣèré alárìnjó wa, ti Ògúndé, ti Adé Love, ti Bàbá Sàlá, òkè òkun ni wọ́n ti ń fọ̀ ọ́. Ẹni tó ń wá nẹ́gátíìfù wọn ní láti mọ ilé-iṣẹ́ ìfọ-fíìmù tó gbà á, ilé-iṣẹ́ tó lè ti kógbá sílé. Gbogbo ayé ló mọ bí àwọn olè tó ṣe ẹ̀dà Ọ̀run Móoru ní àwọn ọdún 1980 ṣe dá Bàbá Sàlá lóró. Nínú iṣẹ́ yìí, ẹ̀dà olè ló sì máa ń kù lọ́pọ̀ ìgbà. Wọ́n á gbà á, wọn kò ní yọ̀.

Ohun tó pọ̀ jù ní Afijió, ìjọba ìbílẹ̀ tí Fìdítì, Ìlọra àti Awẹ́ wà, kò sí nínú agolo. Ó wà lórí kọ́bọ́ọ̀dù, lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, nínú àpò Ghana-must-go: kásẹ́ẹ̀tì VHS ìsìnkú, ìgbéyàwó, ìwúyè, ọdún egúngún. Àwọn oní-fídíò tan iná sí gbogbo ènìyàn lójú, wọ́n sún mọ́ owó tí wọ́n ń ná. Ẹni tó ń ṣe fíìmù ìtàn lónìí kò wá owó yẹn. Ohun tó wà lẹ́yìn ló ń wò: iwájú ààfin kí wọ́n tó tún un kọ́, pátákó ilé-ìwé, ìyá kan tó sun ẹkún ìyàwó fún ìṣẹ́jú kan kí agbọ́hùnsókè tó bò ó mọ́lẹ̀.

Bí kásẹ́ẹ̀tì bá ti bu, tí funfun kan hàn láti ojú gíláàsì rẹ̀, aláìmọ̀kan á kì í bọ inú ẹ̀rọ, á ba kásẹ́ẹ̀tì jẹ́, á ba ẹ̀rọ jẹ́, kásẹ́ẹ̀tì tó kàn á tún gba tirẹ̀. Amọṣẹ́ á tú ìdè márùn-ún tó wà nísàlẹ̀, á gbé rólù méjèèjì jáde sínú ike tuntun, á máa nu téèpù náà bó ṣe ń ká a lọ díẹ̀díẹ̀. Ìgbà tó bá kọ́kọ́ kì í bọ ẹ̀rọ, kọ̀ǹpútà ti ń gbà á sílẹ̀, torí ó lè má sí ìgbà kejì. Ike kékeré kan wà lẹ́yìn kásẹ́ẹ̀tì tó jẹ́ pé bí wọ́n bá ti ṣẹ́ ẹ, kò sẹ́ni tó lè gba nǹkan mìíràn sórí rẹ̀ mọ́. Àwọn ọmọ ilé mọ ẹ̀tàn rẹ̀: sẹ́lótéèpù ni wọ́n fi ń dí ihò náà, wọ́n á wá gba bọ́ọ̀lù sórí ìsìnkú ìyá àgbà. Ẹlòmíràn á rí sẹ́lótéèpù yẹn, á ju kásẹ́ẹ̀tì nù. Ẹni tí mò ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ á sáré ká a lọ sí ìparí. Kásẹ́ẹ̀tì náà gba wákàtí mẹ́ta, bọ́ọ̀lù kò tó wákàtí méjì. Lẹ́yìn tí réfírì bá ti fọn fèrè, ìsìnkú á padà wá.

Ó ku ọ̀rọ̀ ẹ̀tọ́. Òfin ẹ̀tọ́ oníṣẹ́-ọpọlọ ti 2022 fún fíìmù ní 50 ọdún lẹ́yìn òpin ọdún tó jáde, nítorí náà ọ̀pọ̀ ohun tí wọ́n fi hàn ní Ìbàdàn nígbà tí Akíntọ́lá jẹ́ olórí ìjọba Western Region ti bọ́ lọ́wọ́ ẹni tó ni í, ní Nàìjíríà níbí. Èyí kò ní kí ẹni tí agolo wà lọ́wọ́ rẹ̀ má gbowó kí ó tó ṣílẹ̀kùn, àwọn ilé òkèèrè sì ń ka owó tiwọn ní ìṣẹ́jú-àáyá. Ti inú ilé yàtọ̀. Ta ló ni ìsìnkú? Ayàwòrán ni, àbí àwọn ọmọ olóògbé, àbí gbogbo ẹni tí ojú rẹ̀ hàn? Àwọn oníṣẹ́ tó mọ ìwà kì í gbé kásẹ́ẹ̀tì onílé lọ sí Èkó. Ẹ̀rọ ni wọ́n ń gbé wá sí Ìlọra, wọ́n á tò ó sórí tábìlì pálọ̀, bàbá onílé á jókòó tì wọ́n. Bí kásẹ́ẹ̀tì bá ṣe ń yí ni wọ́n ń béèrè: ta nìyí, bàbá? Ìdílé wo ni aṣọ ẹbí yẹn? Wọ́n ń kọ gbogbo rẹ̀, orúkọ, oríkì, ilé. Ara kásẹ́ẹ̀tì náà, wọ́n kọ "Part 2" sí i.

"Part 1 ńkọ́, sà?"

"Ó wà lọ́wọ́ àbúrò mi ní Àgége. Ẹ má sọ pé èmi ni mo ní kẹ́ ẹ béèrè."